Bí A Ṣe Ń Fọ̀rọ̀ Wá Átíláàsì Ìtàn Lẹ́nu Wò

Ọdún kejìdínlógún rèé tí mo ti ń jókòó ti àwọn ìwé tí ilé ìkàwé kì í yá ẹnikẹ́ni gbé lọ sílé. Átíláàsì, ìyẹn ìwé máàpù, ńláńlá tó jẹ́ pé ọwọ́ méjèèjì la fi ń gbé e, ensaikilopéédíà tó ń ṣàlàyé onírúurú ìmọ̀, ìwé ọjọ́ ìṣẹ̀lẹ̀, ìwé ọdọọdún tó ń sọ bí orílẹ̀-èdè kọ̀ọ̀kan ṣe wà: ìdí wọn ni iṣẹ́ mi wà. Akẹ́kọ̀ọ́ ń wá, oníròyìn ń wá, ẹni tó fẹ́ mọ ibi tí wọ́n bí ìyá ìyá rẹ̀ sí náà ń wá. Bí wọ́n bá ti bi mí pé, "Ibo ni ìlú yìí wà?", èmi náà á bi wọ́n pé, "Ní ọdún wo?" Àwọn mìíràn á rò pé mo fẹ́ dá wọn dúró ni. Rárá o. Láti bí igba ọdún ó lé díẹ̀ sẹ́yìn, ààlà ti yí, orúkọ ti yí, ìjọba ti yí lórí ilẹ̀ kan náà, débi pé "ibo" kò ní ìdáhùn tí a kò bá fi "ìgbà wo" tì í lẹ́yìn.

Ẹlẹ́rìí ni mo máa ń pe ìwé ìtọ́kasí. Ẹlẹ́rìí ní ọjọ́ orí, ó ní ibi tó dúró sí nígbà tí nǹkan ń ṣẹlẹ̀, ó ní ohun tí ojú rẹ̀ ká àti ohun tí ojú rẹ̀ kò ká. Ẹni tó bá mọ bí a ṣe ń fọ̀rọ̀ wá a lẹ́nu wò ni yóò gbọ́ òótọ́ lẹ́nu rẹ̀. Bí èmi ṣe ń ṣe é ni mo fẹ́ sọ fún yín.

Ọjọ́ ìbí ìwé ni kí ẹ kọ́kọ́ wá

Ẹ má tíì ṣí máàpù kankan. Ẹ ṣí ojú-ìwé tí àkọlé wà, kí ẹ yí i sí ẹ̀yìn. Ibẹ̀ ni wọ́n kọ ọdún tí wọ́n tẹ ìwé náà sí, ó sì lè ju ọdún kan lọ. Ọdún tí wọ́n kọ́kọ́ ṣe é yàtọ̀ sí ọdún tí wọ́n tún un tẹ̀. Ìwé tí wọ́n tún tẹ̀ ní 2005 lè jẹ́ èyí tí wọ́n ya máàpù inú rẹ̀ ní 1978, tí ẹnikẹ́ni kò sì fọwọ́ kàn án láti ìgbà náà. Ohun tí ẹ ń wá ni ibi tí wọ́n ti sọ pé àwọn ṣàtúnṣe sí i, kì í ṣe ibi tí wọ́n ti sọ pé àwọn tún un tẹ̀. Lẹ́yìn náà, ẹ ka ọ̀rọ̀ ìṣáájú. Ọ̀pọ̀ ènìyàn máa ń fò ó, bẹ́ẹ̀ ibẹ̀ ni olóòtú ti máa ń sọ ohun tó fi sílẹ̀, ọdún tó dúró sí, àti bó ṣe yan orúkọ ìlú.

Ìwé tó ti dàgbà kì í ṣe ìwé tó ń purọ́. Átíláàsì tí wọ́n tẹ̀ ní 1985 tó fi Jámánì méjì hàn yín, òótọ́ ló sọ: méjì ni Jámánì ní 1985. Ẹni tó bá ń wá Jámánì ti òní nínú rẹ̀ ló ṣìnà.

Tí ojú-ìwé iwájú bá ti ya ńkọ́?

Wọ́n kó páálí ìwé kan wá fún wa lọ́jọ́ kan. Átíláàsì kan wà nínú rẹ̀ tí èèpo rẹ̀ àti ojú-ìwé mẹ́rin àkọ́kọ́ ti ya dànù. Ẹnìkan nínú wa ní kí a sọ ọ́ nù, torí a kò mọ ọdún rẹ̀. Mo ní kí wọ́n fún mi ní ìṣẹ́jú mẹ́wàá.

Yúróòpù ni mo kọ́kọ́ lọ. Jámánì jẹ́ ọ̀kan ṣoṣo nínú rẹ̀. Ọjọ́ 3 oṣù Kẹwàá 1990 ni Ìlà-oòrùn àti Ìwọ̀-oòrùn Jámánì di ọ̀kan, nítorí náà máàpù yẹn kò lè ṣáájú ọjọ́ náà. Mo sún ọwọ́ sí apá ọ̀tún: Soviet Union ṣì wà níbẹ̀ gbalaja, Lithuania, Latvia àti Estonia sì wà nínú rẹ̀ láìsí ààlà orílẹ̀-èdè. Oṣù Kẹsàn-án 1991 ni ìjọba Soviet Union fúnra rẹ̀ ní Moscow gbà pé àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti dá dúró, nígbà tó sì fi di ìparí ọdún yẹn, Soviet Union kò sí mọ́. Ibi méjì péré ni mo wò, mo sì ti há ìwé náà mọ́ inú àkókò tí kò pé ọdún kan. Mo wá wá ẹlẹ́rìí kẹta àti ìkẹrin kí ó lè dá mi lójú. Yemen jẹ́ ọ̀kan. Oṣù Karùn-ún 1990 ni àríwá àti gúúsù rẹ̀ darapọ̀, ó bá a mu. Eritrea ṣì wà nínú Ethiopia. 1993 ló dá dúró, ó bá a mu. A kò sọ ìwé náà nù. Ó ń bẹ lórí pẹpẹ títí di òní, mo fi pẹ́ńsù kọ ọ́ sínú rẹ̀ pé 1990 sí 1991 ni wọ́n ya máàpù rẹ̀. Ẹ kíyè sí i pé ọdún tí wọ́n yà á ni mo kọ, torí ìwé lè pẹ́ díẹ̀ lọ́wọ́ òǹtẹ̀wé kó tó jáde.

Àwọn àmì báyìí pọ̀, ó sì yẹ kí ẹ ní díẹ̀ lórí. Czechoslovakia parí pẹ̀lú ọdún 1992. Zaire di Congo padà ní 1997. Timor-Leste wọlé ní 2002, Montenegro ní 2006, Gúúsù Sudan ní ọjọ́ 9 oṣù Keje 2011. Tí ẹ bá rí Swaziland, ìwé náà ti ṣáájú 2018. Fún ìwé tó dàgbà ju ìyẹn lọ, ẹ wo Gold Coast, tó di Ghana ní ọjọ́ 6 oṣù Kẹta 1957. Dahomey, tó di Benin ní 1975. Rhodesia, tó di Zimbabwe ní 1980. Upper Volta, tó di Burkina Faso ní 1984. Ìlú St Petersburg nìkan tó àmì lọ́tọ̀: ó di Petrograd ní 1914, ó di Leningrad ní 1924, ó padà sí orúkọ rẹ̀ ní 1991. Tí ẹ bá rí Petrograd lórí máàpù, inú yín yẹ kó dùn gan-an, torí ọdún mẹ́wàá péré ni orúkọ yẹn fi wà.

Tẹ̀lé ìlú kan láti ojú-ìwé dé ojú-ìwé

Obìnrin kan mú ìwé ẹ̀rí ìbí bàbá rẹ̀ àgbà wá. Wọ́n kọ ibi ìbí síbẹ̀: Lemberg. Ó ti wá a nínú átíláàsì tuntun, kò rí i. Ó ti fẹ́ gbà pé ìlú náà pa rẹ́.

Ẹ̀yìn átíláàsì la kọ́kọ́ lọ, sí atọ́ka, níbi tí wọ́n to orúkọ gbogbo sí. Átíláàsì ìtàn tó dára máa ń kọ orúkọ àtijọ́ síbẹ̀, á sì darí yín sí orúkọ tuntun. Lẹ́yìn orúkọ ni nọ́ńbà ojú-ìwé, lẹ́tà kan àti nọ́ńbà kékeré kan. Lẹ́tà àti nọ́ńbà yẹn ló ń tọ́ka sí àpótí tí ìlú náà wà nínú rẹ̀ lórí máàpù. Tí atọ́ka ìwé kan kò bá ní orúkọ àtijọ́ nínú rárá, ẹ gbé ìwé mìíràn. Ní tèmi, atọ́ka ni mo fi ń mọ átíláàsì tí wọ́n fi sùúrù ṣe.

Mo gé bébà pẹ́lẹ́bẹ́ márùn-ún, mo fi wọ́n sí máàpù 1914, ti láàárín Ogun Àgbáyé méjèèjì, ti 1942, ti 1950, àti ti lẹ́yìn 1991. Mo ní kí ó kọ́kọ́ wá òkè Carpathian, torí òkè kì í ṣípò. Ohun tí kò lè yẹ̀ ni kí ẹ máa fi ṣe ìdákọ̀ró: òkè, odò, etíkun. Nígbà tó ti rí òkè náà, ó gbé ìka lé àríwá rẹ̀, kò sì gbé ìka kúrò níbẹ̀ bí a ṣe ń ṣí ojú-ìwé. Ní 1914: Lemberg, nínú ìjọba Austria òun Hungary. Láàárín ogun méjèèjì: Lwów, ní Póláǹdì. Ní 1942: Lemberg padà, lábẹ́ ọmọ ogun Jámánì. Ní 1950: Lvov, nínú Soviet Union. Lẹ́yìn 1991: Lviv, ní Ukraine. Ẹni tí wọ́n bí sí àdúgbò kan níbẹ̀ ní 1910, tí kò sì kúrò níbẹ̀ títí di 1992, ti gbé lábẹ́ gbogbo ìjọba wọ̀nyẹn láìṣí lọ sí ibì kankan. Obìnrin náà dákẹ́ fún ìgbà pípẹ́. Lẹ́yìn náà ló sọ pé, "Ìdí nìyẹn tí bàbá àgbà fi ń sọ èdè mẹ́rin."

Ẹ ṣe irú eléyìí lẹ́ẹ̀kan péré pẹ̀lú ìlú tó bá wù yín, Gdańsk tí wọ́n ń pè ní Danzig tẹ́lẹ̀, tàbí Kaliningrad tó ń jẹ́ Königsberg títí di 1946. Ẹ ó rí i pé ẹ kò ní wo máàpù lójú kan náà mọ́.

Àwọ̀, ìlà, àti ohun tí wọ́n ń bò mọ́lẹ̀

Ẹ ka àlàyé àmì tó wà nígun máàpù kí ẹ tó gba ohunkóhun gbọ́ nínú rẹ̀. Ìlà gidi àti ìlà tó ń já, àwọ̀ tó kún àti àwọ̀ tí wọ́n fi ìlà tẹ́ẹ́rẹ́ há, ìtumọ̀ wọn kì í ṣe ọ̀kan. Ìlà tó ń já sábà máa ń jẹ́ ààlà tí wọ́n ń jà lé lórí tàbí èyí tí wọn kò tíì wọ̀n. Kí ẹ tún wo ìwọ̀n. Tí wọ́n bá kọ 1:30,000,000, sẹ̀ǹtímítà kan lórí bébà jẹ́ 300 kìlómítà lórí ilẹ̀. Ó túmọ̀ sí pé ìlà ààlà tí kò nípọn ju mìlímítà kan lọ bo 30 kìlómítà mọ́lẹ̀. Ẹ má fi irú máàpù bẹ́ẹ̀ yanjú ọ̀rọ̀ abúlé méjì tí wọ́n ń jà sí ààlà.

Nípa bí wọ́n ṣe tẹ́ ayé tó rí roboto sórí bébà, ohun kan péré ni mo fẹ́ kí ẹ rántí. Ọ̀nà tí Mercator, ayàmáàpù kan, gbé jáde ní 1569 dára fún atukọ̀, ṣùgbọ́n ó máa ń fẹ ilẹ̀ tó súnmọ́ ìpẹ̀kun ayé lójú. Lórí rẹ̀, Greenland àti Áfíríkà fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba. Lójú ayé, Áfíríkà tó ìlọ́po mẹ́rìnlá Greenland.

Ibi tí àwọ̀ ti ń tan ènìyàn jẹ jù lọ ni máàpù Áfíríkà nígbà ìjọba amúnisìn àwọn ará Yúróòpù. Ẹ ó rí máàpù nínú ọ̀pọ̀ ìwé tí wọ́n kọ "Ìpàdé Berlin, 1884 sí 1885" sí lórí, tí gbogbo Áfíríkà ti kún fún àwọ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Faransé, Jámánì, Potogí, bí ẹni pé wọ́n fi ọ̀bẹ pín àkàrà lọ́jọ́ kan. Ìpàdé náà bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 15 oṣù Kọkànlá 1884, ó parí ní ọjọ́ 26 oṣù Kejì 1885. Aṣojú orílẹ̀-èdè mẹ́rìnlá jókòó níbẹ̀, ọmọ Áfíríkà kankan kò sí láàárín wọn, ó sì burú bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ohun tó wà nínú ìwé tí wọ́n fọwọ́ sí ni òwò lórí odò Congo àti odò Ọya, àti ìlànà tí wọn yóò máa tẹ̀lé tí wọ́n bá fẹ́ gba etíkun tuntun. Àdéhùn lẹ́yìn àdéhùn ni wọ́n fi fa ọ̀pọ̀ nínú ààlà wọ̀nyẹn lẹ́yìn ìgbà náà: ti Gẹ̀ẹ́sì àti Jámánì ní 1890, ti Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé ní 1898, àti ọ̀pọ̀ mìíràn. Ní 1885, etíkun ni àwọn ará Yúróòpù wà jù. Àárín ilẹ̀ ṣì wà lọ́wọ́ àwọn ọba àti àwọn ará ibẹ̀. Nítorí náà, tí àwọ̀ bá ti kún bámúbámú, máàpù 1914 ni wọ́n ń fi hàn yín, orúkọ tí ìbáà wù kí wọ́n kọ sí i lórí. Ní 1914, Ethiopia, tó ti ṣẹ́gun Ítálì ní Adwa ní oṣù Kẹta 1896, àti Liberia ló ṣẹ́kù tí kò sí lábẹ́ wọn. Ọ̀rọ̀ yìí ká mi lára, torí àwọ̀ tó kún máa ń pa àwọn ènìyàn rẹ́. Ọmọ tó bá wò ó yóò rò pé kò sí ẹni tó jà.

Ohun tí mo máa ń sọ ni pé kí wọ́n ṣí máàpù 1880 àti ti 1914 sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn. Ìwé tó ní 1914 nìkan kò tó. Kí wọ́n sì gbé ìwé tí ọmọ Áfíríkà kọ tì í. UNESCO gbé ìtàn gbogbogbòò Áfíríkà jáde ní ìdìpọ̀ mẹ́jọ láàárín 1981 àti 1993, J. F. Ade Ajayi ló ṣe olóòtú ìdìpọ̀ kẹfà tó sọ nípa ọgọ́rùn-ún ọdún kọkàndínlógún, A. Adu Boahen ló ṣe olóòtú ìkeje tó bẹ̀rẹ̀ láti 1880 tó sì dúró ní 1935. Ẹ lè kà wọ́n lọ́fẹ̀ẹ́ lórí íntánẹ́ẹ̀tì.

Ọ̀nà kan tún wà láti mọ ibi tí ìwé kan dúró sí: ẹ ka iye ojú-ìwé tó fún apá ayé kọ̀ọ̀kan. Mo ṣe é fún átíláàsì kan, Yúróòpù gba ojú-ìwé tó pọ̀ ju ti Áfíríkà, Ásíà àti Gúúsù Amẹ́ríkà lápapọ̀. N kò sọ pé kí ẹ ju irú rẹ̀ nù, ó lè dára gan-an fún ogun Napoleon. Kí ẹ kàn mọ ohun tó mọ̀. Nígbà tí Geoffrey Barraclough ṣe olóòtú átíláàsì ìtàn ayé tó jáde lábẹ́ orúkọ ìwé ìròyìn Times ní 1978, ọ̀kan nínú ohun tó lépa ni pé kí Yúróòpù má dá gba gbogbo àyè mọ́.

Ọjọ́ tó ta kora àti iye tí kò bára mu

Ní ọdún kejì mi lẹ́nu iṣẹ́ yìí, akẹ́kọ̀ọ́ kan bi mí ọjọ́ tí àwọn Bolshevik, ìyẹn ẹgbẹ́ òṣèlú Lenin, gba ìjọba ní Rọ́ṣíà. Mo ṣí ìwé ọjọ́ ìṣẹ̀lẹ̀, mo kà á fún un: ọjọ́ 7 oṣù Kọkànlá 1917. Ó padà wá lọ́jọ́ kejì pẹ̀lú ìwé mìíràn tó sọ pé ọjọ́ 25 oṣù Kẹwàá. Mo sọ fún un pé ìwé tirẹ̀ ló ṣàṣìṣe. Èmi ni mo ṣàṣìṣe. Ọjọ́ kan náà ni méjèèjì. Kàlẹ́ńdà àtijọ́ ni Rọ́ṣíà ń lò nígbà náà, ó sì fi ọjọ́ mẹ́tàlá sẹ́yìn ti ibòmíràn. Ní 1918 ni wọ́n yí i padà: lẹ́yìn ọjọ́ 31 oṣù Kìíní, ọjọ́ 14 oṣù Kejì ló tẹ̀ lé e. Akẹ́kọ̀ọ́ náà ti fi iṣẹ́ rẹ̀ sílẹ̀ kí n tó rí i padà. Ó ṣì ń dùn mí. Àwọn àgbà ní agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà. Láti ìgbà náà, n kì í fi ìwé kan ṣoṣo dá ẹjọ́ ọjọ́ kankan.

Tí ìwé méjì bá ta kora lórí ọjọ́, ẹ má kánjú sọ pé ọ̀kan ṣìnà. Ẹ bi ara yín bóyá kàlẹ́ńdà ló yàtọ̀, tàbí aago, tàbí ìṣẹ̀lẹ̀ tí wọ́n ń kà. Ogun Àgbáyé Kejì parí ní Yúróòpù ní ọjọ́ 8 oṣù Karùn-ún 1945, ṣùgbọ́n àwọn ará Rọ́ṣíà ń ṣe é ní ọjọ́ 9, torí òru ti kọjá ní Moscow nígbà tí ìjọ̀wọ́-ara-ẹni Jámánì fìdí múlẹ̀. Jàpáàn kéde pé òun jọ̀wọ́ ara rẹ̀ ní ọjọ́ 15 oṣù Kẹjọ, ó fọwọ́ sí ìwé ní ọjọ́ 2 oṣù Kẹsàn-án. Ìbẹ̀rẹ̀ ogun náà tilẹ̀ le jù bẹ́ẹ̀ lọ: ìwé Yúróòpù á sọ pé 1939, ará Ṣáínà á sọ pé oṣù Keje 1937 ni Jàpáàn ti kọ lù wọ́n pátápátá.

Ní ti iye àwọn tó kú, ẹ ó rí mílíọ̀nù 60 nínú ìwé kan, ẹ ó rí ohun tó ju mílíọ̀nù 70 lọ nínú òmíràn, fún ogun kan náà. Ẹ wo ẹsẹ̀ ojú-ìwé bóyá wọ́n ka àwọn tí ìyàn pa àti àwọn tí àrùn pa mọ́ ọn, kí ẹ sì kọ iye méjèèjì sílẹ̀. Ẹ ṣọ́ra fún ọ̀rọ̀ "billion" nínú ìwé Gẹ̀ẹ́sì tó ṣáájú 1974. Ó lè jẹ́ mílíọ̀nù lọ́nà mílíọ̀nù ni wọ́n ń sọ, kì í ṣe ẹgbẹ̀rún mílíọ̀nù tí a mọ̀ lónìí.

Ìwé tó yẹ fún ìbéèrè tó yẹ

Èyí kò gùn. Átíláàsì fún ibo. Ìwé ọjọ́ ìṣẹ̀lẹ̀ fún ìgbà wo, àti láti mọ ohun tó tún ń ṣẹlẹ̀ níbòmíràn lọ́dún kan náà. Ìwé ọdọọdún fún bí orílẹ̀-èdè kan ṣe rí lójú àwọn tó wà láyé nígbà náà. The Statesman's Year-Book ti ń jáde láti 1864, ẹni tó bá ṣí ti 1913 yóò rí ayé tí kò mọ̀ pé ogun ń bọ̀. Ensaikilopéédíà àtijọ́ wúlò fún èrò ọkàn àwọn tó kọ ọ́. Britannica ti 1910 sí 1911 kún fún ìmọ̀, ó sì kún fún ẹ̀tanú nípa àwọn aláwọ̀ dúdú. Mo máa ń gbé e fún ẹni tó fẹ́ mọ bí wọ́n ṣe ń ronú nígbà náà, n kì í gbé e fún ẹni tó fẹ́ mọ ìtàn Áfíríkà.

Tí ilé ìkàwé bá jìnnà sí yín, àkójọ máàpù David Rumsey lórí íntánẹ́ẹ̀tì ní máàpù tó ju 100,000 lọ, átíláàsì ìtàn tí William Shepherd gbé jáde ní 1911 náà sì wà lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹ fẹ àwòrán rẹ̀ lójú títí ẹ ó fi rí ọdún tí wọ́n kọ sí ìsàlẹ̀.

Kí ẹ tó pa ìwé dé, ẹ kọ nǹkan márùn-ún sílẹ̀: orúkọ ìwé, olóòtú, ọdún àtúnṣe rẹ̀, nọ́ńbà ojú-ìwé, àti ọdún tí máàpù náà sọ pé òun ń fi hàn. Ìkarùn-ún yìí ni gbogbo ènìyàn máa ń gbàgbé. Obìnrin tó wá Lemberg kọ tirẹ̀ sẹ́yìn ẹ̀dà ìwé ẹ̀rí ìbí náà, ìlà márùn-ún fún máàpù márùn-ún, ọdún ọ̀kọ̀ọ̀kan níwájú rẹ̀. Ó dá pẹ́ńsù mi padà, ó ní kí n jẹ́ kí òun tún wo ti 1914 lẹ́ẹ̀kan sí i.